Ẹ̀bẹ̀ Fún Aláìṣẹ̀

Ó ti pẹ́ tí Festus Ògúndípẹ̀ ti ń ṣọ́ igbó ìjọba láàárín Ọ̀rẹ̀ àti Omífunfun kí wọ́n tó pè é lólè. Igi tí onígẹdú bá ti san owó rẹ̀ fún ìjọba nìkan ni Festus ń fi òòlù lù. Á lu ìtì igi, á lu kùkùté rẹ̀, àmì á sì hàn níbi méjèèjì. Agbégilódò tó bá gbé igi tí kò ní àmì, títì kò gbọdọ̀ gbà á. Òòlù yìí ni iṣẹ́ rẹ̀, òun náà ló di orúkọ rẹ̀: Festus Olóòlù ni gbogbo Ọ̀rẹ̀ ń pè é.

Nígbà tí owó epo ya wọ ìlú bí àgbàrá, tí oníkálukú ń kọ́lé, igi di wúrà. Ní oṣù tí Festus lọ sìnkú ìyá rẹ̀ ní Ajue, ó fi òòlù sílẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ̀, Babalọlá, bí òfin ṣe wí. Ìgbà tó padà dé, ọlọ́pàá ló bá lẹ́nu ọ̀nà. Wọ́n ti mú agbégilódò tó kún fún igi olè, àmì òòlù rẹ̀ sì wà lára wọn. Babalọlá kò sọ pé ọwọ́ òun ni òòlù wà. Wọ́n lé Festus kúrò lẹ́nu iṣẹ́ kí kóòtù tó jókòó rárá.

Ẹjọ́ náà pẹ́ ní Òkìtìpupa. Nígbẹ̀yìn, adájọ́ bi àwọn agbẹjọ́rò ìjọba ní ìbéèrè kan ṣoṣo: ní oṣù tí òòlù wà ní ọ́fíìsì, ọwọ́ ta ló wà? Wọn kò lè fi hàn pé ọwọ́ Festus ló wà. Ó ní Festus kò jẹ̀bi, kó máa lọ sílé.

Ibẹ̀ ló yẹ kí ọ̀rọ̀ parí sí. Kò parí. Ọ́fíìsì ní kóòtù ló dá a sílẹ̀, àwọn kò tí ì dá a sílẹ̀. Ẹ wo ayé! Ẹni tí adájọ́ wẹ̀ mọ́, àwọn akọ̀wé ní ó ṣì dọ̀tí.

Ìgbà náà ni ẹbí ṣe ohun tí gbogbo wa máa ń ṣe. Bàbá Oyèlọlá, ẹ̀gbọ́n bàbá Festus, kó àwọn àgbà sẹ́yìn, wọ́n gbé obì àti kéègì epo pupa kan, wọ́n lọ bẹ ọ̀gá. Wọn kò sọ fún Festus. Arúgbó tó ti lé ní àádọ́rin ọdún na gbọọrọ sórí sìmẹ́ńtì níwájú ọkùnrin tí ó tó bí lọ́mọ.

“Ẹ dákun, ọ̀gá. Bí ó bá tilẹ̀ ṣẹ̀ yín, ẹ forí jì í.”

Nílẹ̀ wa, ẹ̀bẹ̀ kì í ṣe ẹ̀rí ẹ̀bi. À ń bẹ ènìyàn kí ọ̀rọ̀ lè tán ni. Babalọlá mọ̀ bẹ́ẹ̀, ọmọ Yorùbá bíi tiwa ni. Ó gba obì, ó gba epo, ó wá ránṣẹ́ sí olú iléeṣẹ́ wọn ní Àkúrẹ́ pé ẹbí ọkùnrin náà ti wá jẹ́wọ́.

Nígbà tí Festus gbọ́, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ya wèrè.

“Bàbá, ta ló rán yín?”

“Festus, ẹ̀bẹ̀ kì í ba nǹkan jẹ́.”

“Ó ti bà á jẹ́! Ẹ̀bi tí adájọ́ wá títí tí kò rí, ẹ̀yin lẹ bá wọn rí i!”

Cecilia, ìyàwó rẹ̀, dì í lápá mú. “Bàbá Péjú, àgbà lẹ ń bá sọ̀rọ̀ o.”

“Mo mọ̀. Ìyẹn ló jẹ́ kó dùn mí.”

Bàbá Oyèlọlá dìde. Ó mú ọ̀pá rẹ̀, ó lọ.

Lọ́yà tó bá Festus rojọ́ ní kóòtù kò jẹ́ kí Àkúrẹ́ sinmi, àfìgbà tí wọ́n ní kí wọ́n gba Festus padà. Babalọlá ránṣẹ́ pè é. Festus wọ kakí rẹ̀, tó ti fẹ̀ jù ú lọ. Bàbá Oyèlọlá ní òun á bá a lọ, kò sì sẹ́ni tó lè dá a dúró. Wọ́n dé ọ́fíìsì, òòlù wà lórí tábìlì.

“Ìjọba ti forí jì ọ́,” ni Babalọlá wí. “Dọ̀bálẹ̀, dúpẹ́, kí o gbé òòlù rẹ.”

“Ẹ̀ṣẹ̀ wo ni wọ́n forí rẹ̀ jì mí?”

“Àní kí o dọ̀bálẹ̀! Àgbà ilé yín na síbí, ìwọ wá ga jù ú lọ?”

Festus wo òòlù. Ó rántí Péjú ọmọ rẹ̀ tí wọ́n lé wálé láti ilé ìwé nítorí owó. Ó rántí Cecilia tó ń bá àwọn olóko kòkó ro oko kí wọ́n lè jẹun. Ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀. Ni ọ̀pá bá ró gbì nílẹ̀.

“Festus, dúró bẹ́ẹ̀.” Bàbá Oyèlọlá sún mọ́ tábìlì. “Ọ̀gá, mo wá gba ìdọ̀bálẹ̀ mi.”

“Kí lẹ wí, Bàbá?”

“Èyí tí mo ṣe níbí. Ẹ̀bẹ̀ ni mo fi ṣe, ẹ̀yin fi ṣe ẹ̀rí olè. Kì í ṣe ohun tí mo fún yín nìyẹn. Ẹ dá a padà fún mi.” Ó na ọ̀pá sí sìmẹ́ńtì. “Bí ẹ kò bá mọ bí wọ́n ṣe ń dá a padà, ojú ibi tí mo na sí nìyí. Kò jìnnà síbi tí ẹ jókòó sí.”

Akọ̀wé kan fọwọ́ bo ẹnu. Ẹ̀rín já lẹ́nu òmíràn. Àwọn onígẹdú tó ń dúró níta ti ń yọjú lójú fèrèsé. Babalọlá wò yíká, kò rí ẹni tí yóò gbè é. Ó fi ìka ti òòlù.

“Ẹ gbé e, kí ẹ máa lọ.”

Festus gbé e lórí ìdúró. Kò dúpẹ́. Wọ́n dé ẹnu ọ̀nà, Bàbá Oyèlọlá yíjú padà.

“Kéègì epo wa ńkọ́? Ẹ ti jẹ epo, ó yẹ kí kéègì ṣẹ́kù.”

Kò sí ẹni tó bi Babalọlá léèrè rí pé ọwọ́ ta ni òòlù wà lóṣù náà. Ó ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ. Nígbàkígbà tí ọkọ̀ rẹ̀ bá wọ inú igbó, àwọn aṣọ́gbó tó kù á dọ̀bálẹ̀ sínú ewé. Festus á dúró ṣánṣán, òòlù á wà léjìká rẹ̀.

“Ẹ káàárọ̀, sà.”

Á wá kọ ẹ̀yìn sí i, á fi gbogbo agbára ara rẹ̀ lu kùkùté.