Ṣọ́ọ̀bù Ẹ̀gbọ́n Ìyá Mi ní Bẹẹrẹ

Kí ẹ tó kí ẹ̀gbọ́n ìyá mi ọkùnrin tán, á ti bá yín tún kọ́là yín ṣe. “Aṣọ là ń kí kí á tó kí èèyàn,” ni yóò wí.

Ṣọ́ọ̀bù aṣọ rírán mẹ́ta ló ní: Bẹẹrẹ, Ọjà'ba àti Òjé. Ọmọọṣẹ́ tó tọ́ dàgbà ló fi sídìí ti Bẹẹrẹ, níbi tí ọjà ti ń tà jù. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, èmi àti ẹ̀gbọ́n débẹ̀, a bá orúkọ ọmọọṣẹ́ náà lára pátákó. Ó ti lọ gba ṣọ́ọ̀bù náà lọ́wọ́ onílé lẹ́yìn ọ̀gá rẹ̀.

“Ẹ káàárọ̀, sà,” ló wí. “Kí lẹ fẹ́ rán?”

Àwọn télọ̀ àti oníbàárà dúró ti ọmọọṣẹ́ náà. Kò pẹ́ tí ṣọ́ọ̀bù méjì tó kù fi kógbá sílé.

Ẹ̀gbọ́n ò ṣépè. Ó kàn sọ fún ìyá mi pé, “Èmi mà ni mo jókòó bíi bàbá rẹ̀ lọ́jọ́ yìgì rẹ̀.”