Àwòrán Orí Ẹ̀gbọ́n Mi

Òórùn kanfọ̀ àti ti oògùn ìfọlẹ̀ ló kọ́kọ́ pàdé wa lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀yìn ilé ìwòsàn kan ní Àkúrẹ́, láàárọ̀ kùtùkùtù, kí àwọn aláìsàn tó dé. Ẹ̀yìn la gbà wọlé nítorí pé òkú la gbé wá. Ìwọ náà mọ bí àwọn èèyàn wa ṣe rí: bí wọ́n bá gbọ́ pé òkú ti sùn lórí bẹ́ẹ̀dì ẹ̀rọ síkáànù tó ń ya àwòrán inú ara, ta ni yóò tún gbà láti sùn síbẹ̀? Ẹ̀gbọ́n mi la wé sínú aṣọ funfun, tí a gbé láti Oǹdó wá. Mo dúró tì í, mo ń fi ẹ̀gbẹ́ ojú wo ìyàwó rẹ̀. Ó dá mi lójú gbangba pé òun ló pa á.

Àwọn ọdún yẹn le. Epo wọ́n bí ojú. Ẹ̀gbọ́n mi ti ta mọ́tò rẹ̀, èmi náà ti ta tèmi, mo fi ra máṣíìnì, alùpùpù àlòkù kan tó ń tú èéfín kiri Àkúrẹ́. Nígbà tí nǹkan bá le bẹ́ẹ̀, ojú tí àwọn èèyàn fi ń wo ara wọn náà máa ń yí padà. Olùkọ́ ni ẹ̀gbọ́n mi, ara rẹ̀ le koko. Àfi bó ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í di orí mú, tó ń sọ ọ̀rọ̀ kan náà lẹ́ẹ̀mejì. Mo jẹun nílé rẹ̀ lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan lẹ́yìn ìsìn, ṣíbí bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lójú mi. Mo tọ́ ọbẹ̀ náà wò, kò dùn bó ṣe máa ń dùn. Lọ́jọ́ kejì, àwọn ará ilé kejì gbọ́ tí ìyàwó rẹ̀ ń pariwo mọ́ ọn pé, “Ẹ ó kú sọ́nà oko yẹn.” Nígbà tó di ọjọ́ Wẹ́sìdeè, ẹ̀gbọ́n mi sùn, kò jí mọ́.

Kí wọ́n tó parí ẹkún, mo ti wọ ilé ìdáná. Mo gbé ìkòkò ọbẹ̀ ìyàwó wa, mo fi ọ̀rá wé e, mo sì tì í mọ́ inú firísà mi ní Àkúrẹ́. Ẹ̀rí ni mo pè é. Iná mànàmáná kì í sábà wà, nítorí náà ẹ̀rí mi ń yọ́, ó tún ń dì, mo sì ń ṣọ́ ọ bí ẹni tó ń ṣọ́ wúrà. Lẹ́yìn náà ni mo lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá.

Àwọn ọlọ́pàá ní kí dókítà la òkú náà. Ẹ̀gbọ́n bàbá wa, tó jẹ́ olórí ẹbí, yarí. Ó ní ọ̀bẹ kò gbọdọ̀ kan òkú ọmọ òun, pé ẹjọ́ náà ti dá ara rẹ̀. “Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí,” ó wí, “ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ?” Dókítà tó ń yẹ òkú wò ló wá sọ pé ọ̀nà mìíràn wà, pé ẹ̀rọ síkáànù lè wo inú òkú láìfi abẹ kàn án. Ìyàwó wa, ọmọ Ijare, kò janpata. “Ẹ gbé e lọ síbi tó bá wù yín,” ó ní. “Mi ò pa ọkọ mi, mi ò sì ní kúrò n'ulé rẹ̀.” Ọjọ́ pẹ́ tí a ti ń fi “ulé” rẹ̀ yẹn, tí í ṣe “ilé” lẹ́nu tiwọn, ṣe yẹ̀yẹ́. Lọ́jọ́ náà, létí mi, ẹnu àjèjì lásán ni. Ọlọ́pàá tó bá wa wá sí ilé ìwòsàn ti sọ fún un pé bí àwòrán bá fi nǹkan kan hàn, òun yóò mú un lọ láti ibẹ̀, àwọn ọmọ rẹ̀ méjèèjì yóò sì wà lọ́dọ̀ ẹbí.

À ń wò láti ẹ̀yìn gíláàsì. Bẹ́ẹ̀dì gbé ẹ̀gbọ́n mi wọ inú ihò ẹ̀rọ náà jẹ́jẹ́. Lójijì ni ẹ̀rọ náà sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, bó ṣe máa ń bá àwọn alààyè sọ̀rọ̀: kí ó mí sínú, kí ó dá èémí dúró. Mo rí i tí ìyàwó wa fa èémí sínú, tó dá a dúró, bí ẹni pé òun lè bá a mí in. Ìfura kì í jẹ́ kéèyàn rí nǹkan bó ṣe wà; mo ní ẹ̀tàn ni.

Dókítà pè wá síbi àwòrán. “Ẹ̀jẹ̀ rèé, láàárín eegun orí àti ọpọlọ,” ó ní. “Kì í ṣe ti àná. Á tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tó ti ń kán síbẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ẹ̀rọ yìí kì í rí májèlé, mi ò ní purọ́ fún yín, ṣùgbọ́n èyí nìkan tó pa èèyàn. Ṣé ó ṣubú ni, àbí nǹkan gbá a lórí?”

Ẹ̀gbọ́n bàbá wa kò jẹ́ kó délẹ̀. “Ọmọ odó ni. Ó fi ọmọ odó gbá a.”

Ọlọ́pàá yíjú sí ìyàwó wa. “Madam, kí lẹ fi lù ú?”

“Mi ò mọ nǹkan kan,” ó dáhùn. “Ó ní ibà ni.”

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ṣáájú ni mo fi máṣíìnì mi gbé ẹ̀gbọ́n mi bọ̀ láti oko rẹ̀ ní Ipogun, tí táyà iwájú yọ̀ lórí yanrìn, tí ẹ̀gbọ́n mi sì forí sọ símẹ́ńtì etí gọ́tà. Ó dìde, ó gbọn eruku nù, ó ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀jẹ̀ kankan kò jáde. “Má sọ fún ìyàwó mi o,” ó ní, “kò ní jẹ́ kí n tún gun máṣíìnì rẹ mọ́.” Mo ṣèlérí. Kì í ṣe pé mo gbàgbé. Mo kàn yọ ọ́ kúrò nínú ọ̀rọ̀ náà ni, nítorí èmi ni mo di ọwọ́ máṣíìnì náà mú. Mi ò ní purọ́ fún ọ: mo kọ́kọ́ dákẹ́. Kò sẹ́ni tó mọ̀ àyàfi èmi àti ẹni tó sùn lórí bẹ́ẹ̀dì. Mo dákẹ́ títí ọlọ́pàá fi di ọwọ́ ìyàwó wa mú, tí ìyàwó wa kò sì já a gbà.

“Máṣíìnì mi ni,” mo wí. “Èmi ni mo gbé e ṣubú.”

Ọlọ́pàá fi ọwọ́ ìyàwó wa sílẹ̀. Ẹní da eérú ni eérú ń tọ̀, mo sì ti da tèmi lọ́pọ̀lọpọ̀.

Lẹ́yìn ìsìnkú, mo gbé ìkòkò náà padà lọ sí Oǹdó. Ìyàwó wa ṣí i, òórùn ọbẹ̀ tó ti kan gba gbogbo ilé ìdáná. “Mo dín iyọ̀ rẹ̀ kù,” ó ní. “Ó ń pè é ní ibà, ṣùgbọ́n mo rò pé ẹ̀jẹ̀ ríru ló ń fọ́ ọ lórí. Bí ẹ bá ti sọ fún mi pé ó forí gbá símẹ́ńtì, ǹ bá ti gbé e lọ sí ọsibítù lọ́jọ́ náà.” Kò pariwo. Ó dùn mí ju kó pariwo lọ.

Ìfura loògùn àgbà, àwọn baba wa kò purọ́. Èmi ni mo lo oògùn náà fún ẹni tí kò ṣàìsàn, tí àìsàn sì wà lára èmi fúnra mi. Mo da ọbẹ̀ náà nù, mo jókòó lẹ́yìnkùlé, mo fi yanrìn fọ ìkòkò náà títí ó fi mọ́. Láti ọjọ́ tí a ti gbé e níyàwó ló ti ń pè mí ní “ọkọ mi kékeré”. Lọ́jọ́ náà, ó gba ìkòkò lọ́wọ́ mi, kò pè mí ní nǹkan kan.