Èdè tí Aládùúgbò Mi Gbọ́ nínú Fíìmù Ọba

Ilẹ̀kùn fúláàtì mi kọjú sí ti ìyá náà, nínú ilé bíríkì kan ní Castle Hill, níhìn-ín lókè òkun. Ará Gínì ni. Ó dàgbà jù mí lọ dáadáa, nítorí náà Màmá ni mò ń pè é, òun náà sì ń pè mí ní ọmọ òun. Faransé ló mọ̀ dunjú, Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò ju èyí tí a fi ń najà lọ, síbẹ̀ a gbọ́ ara wa yé. Nígbà tí wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ fún mi, tí ọmọbìnrin mi wà ní yunifásítì lọ́nà jíjìn, òun ló ń gbé ọbẹ̀ ẹ̀pà wá, òun ló ń bá mi fọ aṣọ, tí yóò sì jókòó tì mí títí oorun yóò fi gbé mi lọ.

Fíìmù ọba ló pa wá pọ̀ jù. Lọ́sàn-án Sátidé, bí mo bá ti dé láti ibi tí mo ti ń tọ́jú àwọn arúgbó, yóò kan ilẹ̀kùn. A ó wo ọba Ṣáínà, ọba Tọ́kì, ayaba àwọn òyìnbó. A kì í tẹ̀ lé ohun tí wọ́n ń sọ. Ẹṣin là ń wò, aṣọ là ń wò, àti bí ìyàwó kékeré ṣe ń gbẹ̀yìn ṣe ìyálé níbi.

Mo mọ̀ pé Fúlàní ni. Ó ti sọ fún mi lọ́jọ́ tí a kọ́kọ́ pàdé. Ṣùgbọ́n mo ti ya ọ̀rọ̀ náà sí méjì lọ́kàn mi. Fúlàní kan wà tó ń gbé ọbẹ̀ ẹ̀pà wá fún mi. Fúlàní mìíràn wà nínú fóònù mi, tó ń fi màálù jẹ oko àwọn ènìyàn wa nílé, tó ń jí wọn gbé lójú ọ̀nà. Àwọn méjèèjì kò pàdé rí.

Lọ́dún tó kọjá, wọ́n ṣe fíìmù kan nílé nípa ọba àtijọ́ kan tó lé àwọn agẹṣinjagun Fúlàní kúrò lórí ilẹ̀ rẹ̀. Ìjà oko àti màálù ti gbóná nígbà náà, àwọn ènìyàn ti ń pè é ní ogun. Ọ̀kan nínú àwọn àgbà ìjọ wa ní òun fẹ́ fi fíìmù náà hàn nínú gbọ̀ngàn ìsàlẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì, kí àwa tó wà lókè òkun lè mọ̀ pé àwọn baba wa kì í gba ìyà. Ohun tó wọ̀ mí létí nínú gbogbo ìkéde náà kò ju ọba, adé àti ẹṣin lọ. Mo lọ kan ilẹ̀kùn Màmá, mo ní ọba tiwa la fẹ́ wò lónìí. Ó wọ aṣọ búlúù rẹ̀ tó dára jù, ó da ìborùn funfun bo orí, a wọ bọ́ọ̀sì.

Iwájú ni wọ́n fi wá sí nítorí pé àgbà ni. Fíìmù náà dára, mi ò ní parọ́. Ọba náà ga, ohùn rẹ̀ sì wúwo. Nígbà tó dúró lójúde ààfin, tó ní òun kò ní fi ilẹ̀ baba òun sílẹ̀ fún àlejò tí kò moore, omi bọ́ lójú mi. Lẹ́yìn náà ni àwọn ọ̀tá dé pẹ̀lú láwàní dúdú. Wọ́n ń fa ẹran ya bí ìkookò, wọ́n ń rẹ́rìn-ín ìkà. Bí wọ́n ti la ẹnu sọ̀rọ̀, Màmá nà ró lórí àga, ó fọwọ́ kàn mí lápá, ojú rẹ̀ tàn.

“Èdè mi nìyẹn,” ló wí. “Kò rí bíi tiwa gan-an, ṣùgbọ́n mo ń gbọ́ ọ.”

Mo rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i. Ọ̀rọ̀ náà kò tíì yé mi.

Kò pẹ́ tí àwọn ọmọ ogun ọba fi ká àwọn ọ̀tá mọ́ àgọ́ wọn, tí wọ́n sì ti iná bọ̀ ọ́. Obìnrin kan sáré jáde, ó ń ké, ó ń nawọ́ sẹ́yìn. Gbogbo ohun tí àwọn Yorùbá inú fíìmù náà sọ ni wọ́n kọ Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ sísàlẹ̀ fún àwọn ọmọ tí a bí síhìn-ín. Wọn ò kọ nǹkan kan sábẹ́ igbe obìnrin yẹn. Ọmọ ogun kan fi idà gé e lulẹ̀. Gbọ̀ngàn hó, àtẹ́wọ́ sọ. Èmi náà pàtẹ́wọ́. Ọwọ́ mi ṣì wà lókè nígbà tí mo wo ẹ̀gbẹ́ mi. Màmá ti fa ìborùn bo ẹnu, ó ń wolẹ̀.

Ó yẹ kí a dìde nígbà yẹn. Mi ò dìde, nítorí mò ń ro ohun tí àwọn ènìyàn yóò wí bí a bá gba iwájú wọn jáde.

Nígbà tí iná tàn, àgbà ìjọ náà sọ̀rọ̀. Ó ní ogun ọjọ́ náà ni ogun òní, ọ̀tá àná sì ni ọ̀tá òní, kí oníkálùkù mọ ẹ̀yìn ẹni tí òun wà. Lẹ́yìn èyí ló wá kí àwọn àlejò. Ó tẹríba kí Màmá, ó sì yíjú sí mi, ó bi mí ní Yorùbá pé ará ibo ni wọ́n.

“Ará Gínì ni wọ́n, sà,” mo wí. Ó ṣì ń wò mí, mo bá fi ohun tí kò bi mí kún un, mo dárúkọ ẹ̀yà mìíràn tó wà ní Gínì. “Màndíngò ni wọ́n.”

Inú rẹ̀ dùn. Ó ní àwọn náà ní ọba ńláńlá láyé àtijọ́.

Màmá kò gbọ́ Yorùbá. Ṣùgbọ́n kò sí ará Gínì tí yóò gbọ́ Màndíngò tí kò ní mọ̀ ọ́n. Ó gbójú sókè wò mí. Kò bínú. Ó wò mí bí àgbà ṣe ń wo ọmọ ọlọ́mọ tó ṣìwà hù ní ìgboro. Ilẹ̀ ì bá lanu, ǹ bá wọ inú rẹ̀.

Nínú bọ́ọ̀sì, mo bi í pé kí ni obìnrin yẹn ń sọ nígbà tó ń ké. Ó yíjú sí fèrèsé.

“Ó ní kí wọ́n dúró,” ló wí. “Ó ní ọmọ òun wà nínú ilé.”

Mo pe ọmọ mi lọ́jọ́ kejì, nítorí ẹ̀kọ́ fíìmù ló ń kọ́. Ó ní kì í ṣe nǹkan tuntun. Nígbà ogun àgbáyé kejì, ìhà méjèèjì tó ń jagun ló wá ọba tó ti kú tipẹ́ jáde nínú fíìmù, tí wọ́n gbé e gun ẹṣin, tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ ìjọba ọjọ́ náà sí i lẹ́nu, torí pé òkú ọba kò lè ní òun kò wí bẹ́ẹ̀. Ó ń ṣàlàyé bí ẹni tó ń dáhùn ìdánwò. Mo fẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà tù mí nínú, pé ọgbọ́n tó mú odindi orílẹ̀-èdè ló mú mi. Kò tù mí. Fíìmù ló mú mi pàtẹ́wọ́ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹnu ara mi ni mo fi pe Màmá ní Màndíngò.

Mo lọ kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀. Mo ní kó dárí jì mí, pé ẹ̀rù ló bà mí nítorí rẹ̀.

“Nítorí mi,” ló bi mí, “àbí nítorí ara rẹ?”

“Nítorí ara mi ni, Màmá.”

Ó fà mí dìde, ó jókòó, ó sì sọ fún mi pé nígbà tí ìjà ìbò gbóná láàárín Fúlàní àti Màndíngò nílùú àwọn, wọ́n dá àbúrò òun ọkùnrin dúró lójú ọ̀nà. Ó pe ara rẹ̀ ní Màndíngò kí wọ́n má bàa pa á. Ìtìjú irọ́ náà bá a dé sàréè.

“Ọ̀bẹ wà lọ́rùn tirẹ̀,” ló wí. “Ta ló mú ọ̀bẹ dání nínú ṣọ́ọ̀ṣì yín?”

Mo sọ òtítọ́ fún àgbà ìjọ náà lọ́jọ́ Ìsinmi. Ó ní kì í ṣe irú wọn ni àwọn ń bá wí. Mo bi í pé irú èwo wá ni obìnrin tó ń ké nítorí ọmọ rẹ̀. Ó ní òun á rò ó, ṣùgbọ́n wọ́n tún fi fíìmù náà han àwọn ọ̀dọ́ kí oṣù tó parí. Mo sọ ìtumọ̀ igbe náà fún ẹgbẹ́ obìnrin wa. Ẹnì kan ní kí n má kó òṣèlú wọ ilé Ọlọ́run.

Màmá kì í kan ilẹ̀kùn mọ́ lọ́jọ́ Sátidé, ó ní ẹsẹ̀ ń dun òun. Ó ń jẹ oúnjẹ mi bí mo bá gbé e lọ, ó sì ń kí mi bó ṣe ń kí mi tẹ́lẹ̀. Bí mo bá bá a pàdé lórí àtẹ̀gùn, n ó gba ẹrù lọ́wọ́ rẹ̀, yóò sì gbà kí n gbé e. Èmi ni mi ò tíì lè wo ojú rẹ̀.