Suwaibat àti Fíìmù Tí Kò Lọ́rọ̀

Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni Suwaibat, aránṣọ ní Olódi-Àpápá, ti lọ síbi tí wọ́n ti ń yan òṣèré. Lẹ́ẹ̀mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ọ̀rọ̀ há a lẹ́nu. Akólòlò ni. Kó tó fa "mo, mo" rẹ̀ tán, wọn á ti pe ẹlòmíì wọlé. Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógójì ni, ìyá rẹ̀ sì ti sọ fún un pé kó jókòó ti máṣíìnì rẹ̀.

Regina tí wọ́n jọ wà ní ṣọ́ọ̀bù ló gbọ́ pé ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Godstime fẹ́ ya fíìmù kékeré kan ní Málù Road, àwàdà tí ẹnikẹ́ni ò ní sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀, nípa obìnrin tó ń wá bí yóò ṣe di òṣèré. Lọ́jọ́ tí Suwaibat máa lọ, ohun kan ló ń rò. Bí wọ́n bá lé òun níbi tí kò ti sí ọ̀rọ̀ sísọ, kí lòun yóò tún dá lẹ́bi?

Nígbà tó débẹ̀, wọ́n ní kó ṣe bí ẹni tó fẹ́ kan ilẹ̀kùn ọ̀gá onífíìmù. Ó gbé ọwọ́ sókè, ó sọ ọ́ kalẹ̀. Ó tún ìborùn rẹ̀ ṣe. Ó tún gbé ọwọ́ sókè. Gbogbo ohun tí wọ́n kọ́ ọ fò lọ lórí rẹ̀, ló bá kúnlẹ̀, ó ń kí ilẹ̀kùn. Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Ó gbé báàgì rẹ̀, ó bọ́ síta sáàárín àwọn tírélà.

Godstime sáré bá a. "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lọ. Ohun tí à ń wá gan-an lẹ ṣe yẹn."

"Mi ò, mi ò ṣe nǹkan kan. Ẹ̀rù ló ń bà mí."

"Ẹ jẹ́ kó máa bà yín bẹ́ẹ̀."

Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi yà á. Nígbà tí wọ́n ń fi í han aráàlú, ẹ̀bá ilẹ̀kùn ni Suwaibat àti ìyá rẹ̀ jókòó sí. Kò lè wo fíìmù náà. Ojú ìyá rẹ̀ ló ń wò. Àwọn èèyàn ń rẹ́rìn-ín, ìyá ò rẹ́rìn-ín. Nígbà tó yá, ó rọra bi í pé, "Ṣé bí ẹ̀rù ṣe máa ń bà ẹ́ nìyẹn?"

Suwaibat mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Ìyá di ọwọ́ rẹ̀ mú títí fíìmù fi parí.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, onífíìmù kan láti Àpápá GRA ránṣẹ́ pè é. Ọ̀rọ̀ wà nínú tiẹ̀, ìlà mẹ́fà. Suwaibat gbà. Láti ìgbà náà, bí fóònù bá ti dún, á rò pé wọ́n ti ń pè é wá sọ ìlà mẹ́fà náà, abẹ́rẹ́ á sì gún un lọ́wọ́.