Bí A Ṣe Gbé Kúùkù Nééfì Gba Ojú Ọ̀sà Dé Ẹ̀pẹ́

Àkànbí. Àkànbí ọmọ a-wa-ọkọ̀-ogun-gba-ojú-ọ̀sà. Ọmọ a-fi-àjẹ̀-la-ìgbì bí ẹni ń la ọjà kọjá. Ọmọ Èkó tó di ọmọ Ẹ̀pẹ́, ọmọ Ẹ̀pẹ́ tó di bàbá ní Ìkòròdú. A-se-ẹ̀wà-fún-ogun. A-kí-fáráńdà-kó-tó-wọlé. Àkànbí tí ìgbì gbé kiri tí kò mọ̀wẹ̀. Ọkọ mi, sùn ire.

Oríkì rẹ̀ nìkan ni mo máa kọ. Orúkọ gbogbo àwọn tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ wọn wà lórí ahọ́n mi, àti orúkọ bàbá wọn, àti orúkọ tí ìyàwó wọn ń pè wọ́n nílé. Ṣùgbọ́n ọmọ mi obìnrin ní, "Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kọ orúkọ ẹnikẹ́ni. Àwọn èèyàn yìí ṣì ń kí wa." Mo gbọ́.

Iṣẹ́ kúùkù ni Àkànbí ṣe nínú Nééfì. Kò yìnbọn sí ẹnikẹ́ni rí. Lásìkò ogun abẹ́lé, nígbà tí àwọn ọkọ̀ ìjọba dúró sójú òkun kí ẹrù má baà wọ ìhà ìlà-oòrùn, ẹ̀wà ló ń sè nísàlẹ̀ ọkọ̀. Tó bá ń sọ ọ́, á ní, "Bí mi ò bá se ẹ̀wà, ta ló máa rí okun dúró nídìí ìbọn?" Ẹ ò lè bá a jiyàn. Ṣùgbọ́n nígbà mìíràn ohùn rẹ̀ á wálẹ̀, á ní ebi ń pa àwọn èèyàn létíkun tí àwọn ń wò yẹn, òun sì dúró ti ìkòkò tó kún. Lọ́jọ́ tó bá sọ bẹ́ẹ̀, kì í jẹun alẹ́.

Lójú tirẹ̀, òyìnbó kọ́ ló bẹ̀rẹ̀ Nééfì. Ó ní kí òyìnbó tó kó àwọn ọkọ̀ tí wọ́n fi ń kó iyanrìn kúrò lẹ́nu òkun dé, àwọn ọba Èkó ti ní ọkọ̀ ogun tiwọn, ọkọ̀ gbọọrọ tí ọ̀pọ̀ ọkùnrin ń wà, tí ìbọn ńlá wà níwájú rẹ̀. Baba-ńlá òun wà lára àwọn tó ń fi àjẹ̀ wà á. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi ìbọn ojú omi lé ọba Èkó kan lọ, ọba náà àti àwọn èèyàn rẹ̀ wọ ọkọ̀, wọ́n gba ojú ọ̀sà, ó di Ẹ̀pẹ́. Ibẹ̀ ni Èkó-Ẹ̀pẹ́ ti ṣẹ̀.

"Àwọn bàbá mi ni Nééfì àkọ́kọ́ nílẹ̀ yìí," ni Àkànbí máa ń wí.

Èmi á ní, "Nééfì tó sá."

"Wọn ò sá. Wọ́n yí ibùdó padà ni."

Ilé tí a kọ́ sí ẹ̀yìn Agric ní Ìkòròdú, ọkọ̀ ogun ni lójú rẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ wọlé á kọ́kọ́ dúró nídìí àtẹ̀gùn, á kọjú sí fáráńdà, á sàlúùtù. Ó ní bí wọ́n ti ń kí ẹ̀yìn ọkọ̀ nìyẹn nínú ọkọ̀ ogun ìjọba, pé ibi ọlá ni. Fáráńdà wa, ibi tí mo ń sá ẹ̀gẹ́ sí! Ayálégbé wa, ará Ọ̀ṣun tó ń jí lọ síbi iṣẹ́ ní Èkó lójoojúmọ́, kọ́kọ́ rò pé ara ẹ̀sìn wa ni. Kìrìsìtẹ́nì ni òun, ó sì lọ bi pásítọ̀ rẹ̀ bóyá òun lè ṣe é. Pásítọ̀ ní kò burú, bí kò bá ṣáà ti pe orúkọ kankan. Láti ọjọ́ náà ló ti ń sàlúùtù ẹ̀gẹ́ mi láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́.

Òfin tó wá le jù ni ti ọkọ̀ wíwọ̀. Nínú Nééfì, ẹni tó kéré jù ló ń kọ́kọ́ wọ̀, ọ̀gá ló ń wọ̀ kẹ́yìn. Bí ọkọ̀ bá gúnlẹ̀, ọ̀gá ló ń kọ́kọ́ sọ̀, ẹnikẹ́ni ò sì gbọdọ̀ gbẹ́sẹ̀ kí ó tó sọ̀. Bí àwa náà ṣe ń wọ takisí lọ síbi ìsọmọlórúkọ nìyẹn: àwọn ọmọ, èmi, lẹ́yìn náà òun. Lọ́jọ́ kan, ó sùn lọ lójú ọ̀nà. A débẹ̀, gbogbo wa jókòó pa sínú oòrùn, à ń wò ó.

Awakọ̀ yíjú padà. "Màmá, ṣé kò sí nǹkan o?"

Ọmọ mi obìnrin, tó ṣì kéré nígbà náà, ló dá a lóhùn. "Ọ̀gá ò tíì sọ̀ ni."

Tí Àkànbí bá sì fẹ́ jáde nílé, á kọjú sí mi, á ní, "Mi ò sí nílé o. Ìwọ ni kápítéènì." Mo máa ń ní kó lọ jókòó.

Nǹkan kan ṣoṣo ló bẹ̀ mí nígbà tí àìsàn ti mú un. Ó ní, "Má jẹ́ kí wọ́n gbé mi gba títì. Omi ni àwọn bàbá mi gbà dé Ẹ̀pẹ́. Omi ni kí ẹ gbé èmi náà gbà, kí ẹ sin mí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá mi." Mo ní mo ti gbọ́. Mo ṣèlérí fún un.

Ó kú lẹ́yìn ìrun Àsùbáà, lórí àga rẹ̀ ní fáráńdà.

Mùsùlùmí ni wá, ọjọ́ náà la gbọdọ̀ sin ín, kí oòrùn tó wọ̀. Ọmọ mi obìnrin yìí, tó ti ń ṣiṣẹ́ ní báńkì, ti dé láti Èkó, ojú rẹ̀ wú. "Màámi, ẹ jẹ́ ká gba ọ̀nà Agbówà. Ọkọ̀ ilẹ̀ ti wà níta. Tí koríko bá dí ojú omi ńkọ́? Tí ilẹ̀ bá ṣú ńkọ́?"

"Mo ti ṣèlérí fún un."

"Màámi, kò kúkú ní í mọ̀."

Àáfáà wa wò mí, ó wo oòrùn. "Àlájá, tí Mògàríbà bá ká wa mọ́ ojú omi pẹ̀lú òkú, ẹ̀yin lẹ máa dáhùn o." Mo ní mo gbà. Bẹ́ẹ̀ la kírun sí i lára, a gbé e lé orí pákó tí mọ́sálásí fi ń gbé òkú, ó di Ìjẹ̀dé.

Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ méjì nínú Nééfì ti ń dúró ní jẹ́tì, níbi tí ọkọ̀ omi ti ń gbéra, àgbà ọkùnrin méjèèjì, wọ́n wọ fìlà iṣẹ́ wọn àtijọ́ sórí agbádá. Ọ̀kan ló ń fọn fèrè nínú ọkọ̀ nígbà tó wà lẹ́nu iṣẹ́. Fèrè náà ṣì wà lọ́rùn rẹ̀. Èkejì, ẹ́ńjìnnì ló ń tọ́jú.

Ẹni tó ń ṣọ́ jẹ́tì ní gbogbo ẹni tó bá máa wọkọ̀ gbọdọ̀ wọ jákẹ́ẹ̀tì tí kì í jẹ́ kéèyàn rì.

Àáfáà ní, "Èyí ti kú."

"Mi ò bá òkú jà, Àáfáà. Gbogbo ẹni tó bá wọkọ̀ ni wọ́n sọ fún mi."

Ni a bá tẹ́ jákẹ́ẹ̀tì aláwọ̀ ọsàn kan lé Àkànbí láyà, lórí aṣọ funfun. Gbogbo ọdún tó fi wà lójú òkun, kò gbà kí ẹnikẹ́ni fi jákẹ́ẹ̀tì lọ òun. Ọjọ́ tí omi ò lè ṣe é ní nǹkan mọ́ ló tó wọ̀ ọ́.

A ní ká wọkọ̀ wàyí. Onífèrè ní kí Ẹlẹ́ńjìnnì kọ́kọ́ wọ̀.

"Èmi kẹ̀? Ipò mi ju tìẹ lọ nígbà tí a fẹ̀yìn tì!"

"Kí o tó wọ Nééfì ni mo ti ń fọn fèrè. Fèrè mi ló jí ẹ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí o dé."

"Tóò, ẹni tó ń jí ọ̀gá, ṣé ó ti di ọ̀gá nìyẹn?"

"Wọlé, jàre."

"Àgbà kan ò ní í wọlé kí ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ tó wọlé."

Wọ́n tún wá bẹ̀rẹ̀ sí í jiyàn lórí Àkànbí. Onífèrè ní òkú ló lọ́lá jù, òun ni kó wọ̀ kẹ́yìn. Ẹlẹ́ńjìnnì ní kúùkù ni kúùkù ń jẹ́, ì báà wà láàyè, ì báà kú. Àwọn tó gbé pákó gbé e lọ, wọ́n gbé e bọ̀. Ayálégbé wa tó wà lára wọn ń làágùn. Àáfáà ń na ọwọ́ sí oòrùn, kò sẹ́ni tó wò ó. Ọmọ mi wò mí. Ojú yẹn ju ọ̀rọ̀ lọ.

Inú bí mi. Mo ní, "Ẹ̀yin bàbá! Nígbà tí Àkànbí ò bá sí nílé, ta ni kápítéènì?"

Àwọn méjèèjì yíjú sí mi. Wọ́n ti jẹun tó nílé wa láti mọ̀ ọ́n.

Onífèrè ní, "Ẹ̀yin ni, ìyàwó wa."

"Ṣé ó wà nílé?"

"Kò sí nílé."

"Ó yá, ẹ wọlé. Ẹ̀yin méjèèjì lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ gbé ọkọ mi wọlé. Èmi ni mo máa wọ̀ kẹ́yìn."

Ni wọ́n bá sàlúùtù mi. Wọ́n di ara wọn lápá, wọ́n wọ ọkọ̀ pa pọ̀ bí ọkọ àti ìyàwó tuntun, ó kù díẹ̀ kí wọ́n jábọ́ sómi.

Koríko dá wa dúró lẹ́ẹ̀mejì. Ẹlẹ́ńjìnnì fẹ́ kọ́ ọlọ́kọ̀ níṣẹ́, ọlọ́kọ̀ ní, "Bàbá, ẹ jókòó, ẹ ti fẹ̀yìn tì." Onífèrè ń fọn fèrè sí gbogbo apẹja tí a bá pàdé, àwọn náà ń juwọ́ sí wa, wọ́n rò pé ìgbéyàwó là ń lọ. Mo gbé ọwọ́ lé Àkànbí lẹ́sẹ̀. Omi ń gbá ara ọkọ̀ pẹ́pẹ́. Mo ní, "Nééfì tó sá." Kò dá mi lóhùn.

Nígbà tí a gúnlẹ̀ sí Ẹ̀pẹ́, oòrùn ti fẹ́ kan orí àwọn ilé. Àwọn ẹbí rẹ̀ ti dúró létí omi, wọ́n nawọ́ láti gba pákó.

"Ẹ dúró!" Onífèrè ló pariwo. "Kápítéènì ò tíì sọ̀."

Òun àti Ẹlẹ́ńjìnnì jókòó, wọ́n gbé ọwọ́ lé orúnkún, wọ́n ń wo iwájú. Ayálégbé wa náà jókòó. Ọlọ́kọ̀ pàápàá kò mira. Gbogbo wọn ń dúró dè mí, èmi sì jókòó.

Mo sọ fún wọn pé ẹsẹ̀ ń dùn mí. Kì í ṣe ẹsẹ̀. Níwọ̀n ìgbà tí mo bá jókòó, Àkànbí ṣì wà nínú ọkọ̀, ó ń rìnrìn àjò, èmi àti òun la jọ ń lọ. Tí mo bá sọ̀, wọ́n á gbé e sọ̀. Àáfáà ń bẹ̀ mí, "Àlájá, ẹ wo oòrùn. Nítorí Ọlọ́run." Mo ń wo oòrùn náà. Mi ò lè dìde.

Ọmọ mi ló fà súnmọ́ mi. Ó ń sunkún, ó tún ń rẹ́rìn-ín. Ó fi ohùn kékeré àtijọ́ yẹn sọ ọ́ sí mi létí: "Ọ̀gá ò tíì sọ̀ ni."

Mo bú sẹ́rìn-ín níwájú òkú ọkọ mi. Mo di ọmọ mi lọ́wọ́ mú, mo dìde. Mo ká jákẹ́ẹ̀tì yẹn kúrò láyà rẹ̀, mo gbé e fún ọlọ́kọ̀. Onífèrè fọn fèrè. Mo sọ̀.

Wọ́n gbé e sọ̀ tẹ̀ lé mi. A sin ín sí Ẹ̀pẹ́ lọ́jọ́ náà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá rẹ̀, kí oòrùn tó wọ̀.