Àwọn Gálọ́ọ̀nù Òfìfo Àáfà Sàlmàn

Ní ọjọ́ Àtàláátà tó ṣáájú ìrìn àjò rẹ̀, gálọ́ọ̀nù òfìfo mẹ́tàdínlógún ló ti tò sí pálọ̀ Àáfà Sàlmàn Abọ́dẹrìn ní Asawase, Kumasi, kò sì sí èyí tó jẹ́ tirẹ̀ nínú wọn. Òmíràn funfun, òmíràn pupa rẹ́súrẹ́sú, òmíràn ṣì ń rùn fún òróró tí wọ́n rà nínú rẹ̀. Wọ́n lẹ pépà mọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan lára, wọ́n kọ orúkọ ẹni tó ni ín sí i. Àwọn jàmáà mọ́sáláṣí ló kó wọn wá, kí Àáfà lè bá wọn bu sámúsámù, omi mímọ́, bọ̀ láti Mẹ́kà.

Bẹ́ẹ̀, Àáfà Sàlmàn kò lọ sí Mẹ́kà. Kuala Lumpur ló ń lọ, ní ilẹ̀ Malaysia, fún ọjọ́ mẹ́rin péré, láti lọ wòran.

Ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gọ́ta ni. Ará Ìlọrin ni wọ́n nídìí baba, bàbá bàbá rẹ̀ ló kọ́kọ́ fẹsẹ̀ tẹ Kumasi, pẹ̀lú ẹrù aṣọ lórí àti Kùránì lápò. Òun fúnra rẹ̀ ti ń kọ́ ọmọ ní kéú láti ọdún márùndínlógójì, ó sì ń ta tẹ̀sùbáà, fìlà àti tùràrí ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan níwájú ilé. Ó ti lọ sí Mẹ́kà lẹ́ẹ̀kan, ó ti pé ọdún méjìlélógún. Èèyàn tí kì í lè jókòó ni. Bó bá ń kọ́ ọmọ, á dìde. Bó bá ń jẹun, á dìde lọ wo ẹnu ọ̀nà, á padà wá, á tún bu òkèlè kan. Ìyàwó rẹ̀, Rùkáyátù, máa ń sọ pé àga ilé àwọn kì í gbó, nítorí baálé ilé ò jókòó lé e rí.

Ìkrímà ló dá ọ̀rọ̀ ìrìn àjò náà sílẹ̀. Ọmọ kéú rẹ̀ àtijọ́ ni, ó ti ń ṣiṣẹ́ ní Kuala Lumpur láti ọdún mẹ́fà, gbogbo Jímọ̀ ló sì máa ń fi fọ́tò ránṣẹ́ sórí fóònù Àáfà. Lọ́jọ́ kan, ó fi fọ́tò mọ́sáláṣí àtijọ́ kan ránṣẹ́, níbi tí odò méjì ti pàdé láàrin ìlú. Ó ní téèyàn bá rìn díẹ̀ láti ibẹ̀, á kan ilé òrìṣà àwọn Íńdíà, tí wọ́n gbẹ́ ère tí kò lóǹkà sí lórí. Ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ náà ni ti àwọn Ṣáínà wà, tí èéfín tùràrí ń rú níbẹ̀ látàárọ̀ dalẹ́.

Àáfà pè é. "Ìkrímà, ṣé wọn kì í bá ara wọn jà ni?"

"Bàbá, wọ́n jà rí o. Wọ́n pa ara wọn. Ní 1969 ni."

Ọdún yẹn ló gba Àáfà lọ́kàn. Ọmọ ọdún márùn-ún ni ní 1969, nígbà tí ìjọba Ghana ní kí gbogbo àlejò tí kò ní ìwé jáde kúrò nílùú láàrin ọ̀sẹ̀ méjì. Ó rántí ọkọ̀ akẹ́rù tí bàbá rẹ̀ kó wọn sí, ó rántí ìkòkò ìyá rẹ̀ tó fọ́ lójú ọ̀nà. Ọdún kẹsàn-án ni wọ́n tó padà wá sí Kumasi, ṣọ́ọ̀bù bàbá rẹ̀ sì ti di ti ẹlòmíràn. Láti ìgbà náà ló ti wà níbẹ̀. Ó ń sọ Twi bí ẹni tó ni ín. Síbẹ̀, bí ìjà kékeré bá ti ṣẹlẹ̀ lọ́jà, ẹnìkan á bi í pé, "Ẹ̀yin yìí, ìgbà wo lẹ dé ná?" Ó wá fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí ìlú tí wọ́n jà lọ́dún kan náà yẹn, tí wọ́n ṣì jọ ń gbé àdúgbò kan náà. Kò sọ èyí fún ẹnikẹ́ni. Ohun tó sọ fún Rùkáyátù ni pé owó bàálù wálẹ̀.

Tàsnímù ọmọ rẹ̀ obìnrin ló bá a ra tíkẹ́ẹ̀tì lórí fóònù, èyí tó pọ́ọ́kú jù lọ, tí wọn kì í dá owó rẹ̀ padà. Ilé Ìkrímà ló máa sùn, nítorí náà kò sí owó òtẹ́ẹ̀lì. Gààrí àti ṣítọ̀, ata dídín àwọn ará Ghana, ló máa jẹ láàárọ̀. Ó kọ ètò ọjọ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sẹ́yìn kàlẹ́ńdà èṣí: ọjọ́ kìíní, mọ́sáláṣí ibi odò méjì, ọjọ́ kejì, ọjà àwọn Ṣáínà. Lọ́jọ́ kẹta, ó máa lọ sí ìta ìlú, níbi tí ihò àpáta ńlá kan wà lára òkè, àtẹ̀gùn igba ó lé méjìléláàádọ́rin ni wọ́n sì ń gùn débẹ̀. Ọjọ́ kẹrin ló ṣófo. Ó ti kọ nǹkan síbẹ̀, ó pa á, ó tún un kọ, ó tún pa á.

Rùkáyátù gba kàlẹ́ńdà náà wò. "Bàbá Tàsnímù, ibi tí àwọn Íńdíà ti ń bọ̀rìṣà lẹ fẹ́ gun àtẹ̀gùn lọ?"

"Òkè ni mo fẹ́ gùn. Ṣé mo sọ pé n óò wọlé ni?"

"Orúnkún yín ńkọ́? Àtẹ̀gùn mẹ́rin tó wà lẹ́nu ọ̀nà wa yìí, ẹ kì í dé ìkẹta tí ẹ fi ń ké yéè."

Òótọ́ ni. Ìdí nìyí tí Àáfà fi bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sí Ashanti New Town láràárọ̀. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan ní ilé alájà mẹ́rin níbẹ̀, àtẹ̀gùn rẹ̀ sì wà níta gbangba. Bó bá ti kírun àsùbáà tán, á gùn ún lọ sókè, á sọ̀ kalẹ̀, ẹ̀ẹ̀méje gbáko, tẹ̀sùbáà lọ́wọ́, tí yóò máa fi ka àtẹ̀gùn wúyẹ́wúyẹ́ lábẹ́ ètè.

Àwọn tó ń bọ̀ láti mọ́sáláṣí rí i. Ta ni nínú wọn tí kò mọ ìrìn ẹ̀ẹ̀méje tí àwọn tó lọ sí Mẹ́kà máa ń rìn láàrin òkè Sàfá àti Máríwà? Wọ́n wo àáfà àgbàlagbà tó ń lọ tó ń bọ̀, tí ètè rẹ̀ ń mì, wọ́n sì dá ara wọn lóhùn: Àáfà ń múra Úmúrà.

Ọ̀rọ̀ ti dé etí Lémọ́mù Bákàrè kí Àáfà fúnra rẹ̀ tó débẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ rìn jìnnà gbọ́dọ̀ lọ gba àdúà lọ́dọ̀ Lémọ́mù, kò sì sí bí Àáfà ṣe máa fò ó. Ó dé, ó kúnlẹ̀.

"Lémọ́mù, mo ní ìrìn àjò kan. Mo fẹ́—"

"A ti gbọ́! A ti rí i pẹ̀lú!" Ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gọ́rin ni Lémọ́mù, kì í jẹ́ kí èèyàn parí ọ̀rọ̀. Ó ti gbé ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Ibi tí mo ń lọ gan-an, Lémọ́mù—"

"Àmín ni kó o máa wí."

Àáfà ṣe àmín. Àdúà náà gùn, ó sì dùn, ó kan Káábà, ó kan sàréè Ànábì. Nígbà tó parí, Àáfà láǹfààní láti sọ̀rọ̀. Ó kàn tún fìlà dé ni, ó dìde.

Ohun tó dí i lẹ́nu ni wàásù ara rẹ̀. Ogún ọdún ló ti ń pariwo lórí mínbárì pé ìrìn àjò mẹ́ta péré ni Mùsùlùmí ní í rìn: ti ìjọsìn, ti òwò, ti ẹbí. Lọ́dún tó kọjá, nígbà tí Yúnúsà aránṣọ lọ sí Dubai lọ ya fọ́tò, Àáfà dójú tì í níwájú gbogbo èèyàn: "O lọ dúró níwájú ilé gogoro! Ṣé ilé gogoro yẹn máa bá ọ dé sàréè ni?"

Lọ́jọ́ Jímọ̀, Lémọ́mù kéde pé Àáfà Sàlmàn ń lọ sí Úmúrà. Láti Sátidé ni gálọ́ọ̀nù ti ń dé. Ti Yúnúsà ló tóbi jù.

"Àáfà, ti fọ́tò yẹn, mo ti gbàgbé o," ó ní, ó sì gbé gálọ́ọ̀nù rẹ̀ kalẹ̀ tiyìtiyì. "Ẹ bá mi kún un dáadáa."

Láti ọjọ́ náà, Àáfà kò fìdí kan nǹkan mọ́. Ó ń rìn láti pálọ̀ dé ṣọ́ọ̀bù, láti ṣọ́ọ̀bù dé ẹ̀yìnkùlé, ó sì ń yẹra fún ojú àwọn gálọ́ọ̀nù yẹn bí ẹni tó jẹ wọ́n lówó. Bó bá sọ òótọ́, òun ló máa di ẹni ilé gogoro, wọ́n sì lè gba mínbárì lọ́wọ́ rẹ̀. Bí kò bá sọ ọ́, kí ni yóò gbé bọ̀ nínú gálọ́ọ̀nù?

Tàsnímù rí ọ̀nà tirẹ̀. "Bàbá, wọ́n ń ta sámúsámù ní Aboabo. Ẹ jẹ́ ká ra díẹ̀, ká bomi là á, ká rọ ọ́ sínú gálọ́ọ̀nù wọn. Ɛnyɛ hwee! Kò sí nǹkan kan níbẹ̀."

Àáfà dúró. Ká má purọ́, ó rò ó. Ó tilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣírò iye ìgò tó máa gbà.

Rùkáyátù ń ṣa ìrẹsì lọ́wọ́, kò gbójú sókè. "Ọjọ́ mẹ́rin lẹ máa lò lọ́hùn-ún, Bàbá Tàsnímù. Ìyókù ọjọ́ ayé yín, àárín àwọn tó ni gálọ́ọ̀nù yìí lẹ máa ti lò ó."

Lọ́jọ́ Àlàrùbá, Ìyá Zàhràù wọlé. Arúgbó ni, ó fi ọ̀pá rìn wá láti ẹ̀yìn ọjà. Sùwéébátù ọmọ rẹ̀ ló ti ṣèlérí pé òun máa gbé e lọ sí Mẹ́kà, ikú sì mú Sùwéébátù ní ọdún méjì sẹ́yìn. Kò gbé gálọ́ọ̀nù wá. Ìgò lọ́fínńdà kékeré kan, tí kò ju ìka méjì lọ, ló mú jáde láti inú ìdí ìró rẹ̀, ó ti fọ̀ ọ́ mọ́ tónítóní.

"Bíńtín ni mo mú wá, Àáfà, kí ẹrù má baà wúwo fún yín. Kí ẹ sì bá mi dárúkọ Sùwéébátù níbẹ̀."

Àáfà gbà á. Ìgò yẹn wúwo lọ́wọ́ rẹ̀ ju ti Yúnúsà lọ.

Ní Jímọ̀, gálọ́ọ̀nù ti di mọ́kànlélọ́gbọ̀n. Àáfà dìde lẹ́yìn ìrun, kí èèyàn tó tú ká.

"Ẹ̀yin jàmáà, mi ò lọ sí Mẹ́kà. Malaysia ni mò ń lọ. Ọjọ́ mẹ́rin. Mo fẹ́ lọ wo ìlú ni."

Yúnúsà ló kọ́kọ́ gbóhùn sókè láti ẹ̀yìn.

"Àáfà, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ilé gogoro wà níbẹ̀?"

"Ó wà. Ìbejì ni."

"Ṣé ẹ máa ya fọ́tò níwájú ẹ̀?"

Àáfà wo ilẹ̀, ó wo òkè. "N óò yà á. Yúnúsà, mo ṣẹ̀ ọ́ lọ́jọ́sí. Forí jì mí."

Ẹ̀rín bú yẹ̀ẹ̀. Àwọn kan kò rẹ́rìn-ín. Lémọ́mù Bákàrè lu ọ̀pá rẹ̀ mọ́lẹ̀.

"Sàlmàn! O jẹ́ kí n fi àdúà Úmúrà sin ọ́ lọ wòran?"

"Lémọ́mù, mo gbìyànjú láti—"

"Kí ló dé tí o ò pariwo? Ohùn tí o fi ń wàásù dà?" Ó mí kanlẹ̀. "Àdúà ti lọ, mi ò lè sáré lé e. Kí lo tilẹ̀ ń wá lọ síbẹ̀?"

Àáfà sọ ọ́ nígbà náà. Ó sọ ti 1969, ti Ghana àti ti Malaysia. Ó sọ ti ọkọ̀ akẹ́rù. Ìgbà àkọ́kọ́ tí ó máa sọ ọ́ níwájú èèyàn nìyẹn. Àwọn arúgbó méjì tó wà ní sàfù iwájú mi orí, nítorí inú irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ni àwọn náà wà.

Lémọ́mù na ọ̀pá rẹ̀ sí Àáfà. "Má gun mínbárì títí o fi máa dé. Bí o bá dé, jókòó níwájú wa, kí o sọ bí wọ́n ṣe ṣe é tí wọ́n fi jọ ń gbé. Bó bá jẹ́ fọ́tò nìkan lo mú bọ̀, mínbárì ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ nìyẹn."

Kí ìrun àsárì tó tó, gálọ́ọ̀nù ti kúrò nílé tán. Àwọn kan gbé tiwọn láìkí ẹnikẹ́ni. Àáfà fi ìgò kékeré sápò, ó gbé e lọ fún Ìyá Zàhràù fúnra rẹ̀, nítorí ìyá náà kò sí ní mọ́sáláṣí. Ó ṣàlàyé fún un lórí ìdúró.

"Ṣé wọ́n ń kírun níbẹ̀?" ìyá náà bi í.

"Wọ́n ń kírun, Ìyá. Ibi tí odò méjì ti pàdé ni mọ́sáláṣí wọn wà."

"Ṣé omi ibẹ̀ mọ́?"

"Wọ́n ní ó pọ́n bí ẹrẹ̀."

Ìyá Zàhràù rẹ́rìn-ín. "Ẹ má bu ti odò nígbà náà. Èyí tí wọ́n fi ń ṣe àlùwàlá ni kí ẹ bù. Ẹ sì dárúkọ Sùwéébátù kí ẹ tó dé e." Ó ti ìgò náà padà sí i lọ́wọ́. "Ẹ jókòó, kí n bu omi fún yín."

"Ìyá, mo ti ń lọ."

Nílé, Tàsnímù yẹ òfin bàálù wò lórí fóònù. Ó ní omi tó bá pọ̀ kò gbọdọ̀ wọ inú bàálù pẹ̀lú èèyàn, ṣùgbọ́n ti ìgò yìí kò tó nǹkan, kò sẹ́ni tó máa gbà á. Àáfà dì í sínú ìbọ̀sẹ̀, ó tú u, ó tún un dì. Ó mú kàlẹ́ńdà, ó kọ ọ́ sí ọjọ́ kẹrin tó ṣófo: omi Ìyá Zàhràù.

Ní òwúrọ̀ Sátidé, ó kù ọ̀la kí ó wọ ọkọ̀ lọ sí Accra. Ó tún wà lórí àtẹ̀gùn Ashanti New Town, ó ń mí hẹlẹ. Kò mú tẹ̀sùbáà dání. Yúnúsà ti jókòó sórí bẹ́ńṣì nísàlẹ̀, ó gbé ẹsẹ̀ lé ẹsẹ̀, ó ń bá a kà á sókè kí gbogbo àdúgbò lè gbọ́.

"Méjìléláàádọ́rin! Ẹ má dúró, Àáfà. Ó ku igba!"