Wàláà Lójú Fóònù

Ẹní kan wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ọ̀rẹ́ mi àfáà. Lórí irú rẹ̀ ni èmi àti òun ti jọ kọ́ kéú lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀, nígbà tí a kò tíì lè so okùn ṣòkòtò fúnra wa. Mo fi ẹní sílẹ̀ lọ sí ilé ìwé, mo ń lọ títí mo fi dé yunifásítì, mo sì padà wá kọ́ àwọn ọmọ Ìwó ní físíìsì títí mo fi fẹ̀yìn tì. Òun dúró ti wàláà, pátákó pẹlẹbẹ tí àwọn ọmọ kéú fi ń kọ́wèé. Àwọn èèyàn a máa káàánú rẹ̀ nígbà náà. Wọ́n ní ayé ń lọ, òun jókòó sójú kan. Àwọn kan náà ló ń gbé lẹ́tà wá bá mi ní ìrọ̀lẹ́ kí n kà á fún wọn, lẹ́tà láti Kùmásì, lẹ́tà láti Àbíjàn. Wọn a jókòó yí mi ká, wọn a máa wo ẹnu mi bí ẹni ń wo ẹnu ọ̀nà tí àlejò fẹ́ gbà wọlé. Mo rò pé ibi tí mo dúró sí yẹn, ibẹ̀ ni n ó dúró sí láéláé.

Kò rí bẹ́ẹ̀. Ìyá tí kò mọ álífù, tí kò mọ A, ń fi ẹnu ara rẹ̀ bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ ní òkè òkun lónìí, ó sì ń rí eyín ọmọ náà bó ṣe ń rẹ́rìn-ín. Èmi tí mo kàwé ni mo wá ń di fóònù mú bí ẹni di ẹyin mú. Ti àfáà tún le ju tèmi lọ, nítorí iṣẹ́ rẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀, àwọn tí yóò ṣe é fún ni kò sí. Àwọn ọmọ àdúgbò ti lọ sí ilé kéú tó ní àga àti aṣọ ilé ìwé. Àwọn méjì tó kù bá òbí wọn kó lọ sí Ìbàdàn. Ni ọmọ rẹ̀ ọkùnrin tó ń gbé Ìlọrin bá sọ ọ́ ní gbangba:

"Bàbá, bí kò bá sí ọmọ kéú mọ́, kí lẹ ń dúró ṣe? Ẹ wá sinmi lọ́dọ̀ mi."

Àfáà sọ fún mi pé, "Tíṣà, bí mo bá lọ jókòó lásán ní Ìlọrin, oṣù mẹ́ta ni."

N kò bi í léèrè oṣù mẹ́ta kí ni.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni obìnrin kan pè láti òkè òkun. Orí ẹní yìí ló ti kọ́ kéú nígbà tó wà ní ọmọdé. Ó ti bí ọmọ mẹ́ta báyìí, ó sì fẹ́ kí àfáà máa kọ́ wọn lójú fóònù ní gbogbo Sátidé. Bó bá dára, ìdílé ará Ìwó méjì mìíràn níbẹ̀ yóò mú ọmọ tiwọn wá. Inú mi dùn ju inú àfáà lọ! Fóònù ńlá tí ọmọ mi obìnrin rà fún mi, tí mo fi ń wo aago lásán, ti ríṣẹ́ ṣe.

Sátidé àkọ́kọ́, a ti wẹ̀, a ti jẹun kí aago mẹ́sàn-án tó lù. Mo gbé fóònù ti ara ìkòkò omi. Ojú obìnrin náà yọ, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń nu ojú.

"Àfáà mi! Ẹ̀yin náà rèé! Ó yá, ẹ̀yin ọmọ, ẹ kúnlẹ̀ kí àfáà."

Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kúnlẹ̀, wọ́n sì pòórá. Ẹ̀yìn àga nìkan la rí, ohùn ń ti ìsàlẹ̀ wá pé, "Ẹ káàárọ̀ sà."

Àfáà na ọrùn sí fóònù bí ẹni ń wo inú kànga. "Níbo ni wọ́n wà? Tíṣà, fóònù rẹ ti gbé wọn mì!"

Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Nígbà tí wọ́n dìde padà, àfáà gbé wàláà rẹ̀ sókè. Ó ti fi tàdáwà, yíǹkì kéú, kọ létà mẹ́ta, jíímù, dáálì àti ráà, sí i, dúdú minimini. Àwa méjèèjì wo igun fóònù níbi tí àwòrán tiwa wà. Gbogbo wọn ló kọjú sódì. Kéú tó yẹ kó ti ọ̀tún lọ sósì ń ti òsì lọ sọ́tùn-ún.

"Àsítàgfírúlláhì!" Àfáà gbé wàláà mọ́ àyà. "Wọ́n ti sọ kéú mi di gẹ̀ẹ́sì!"

Kí àwọn ọmọ tó ríran rí i dáadáa, ó ti ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò dára, ó di Sátidé tó ń bọ̀.

Mo ní kó fara balẹ̀. Mo mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. "Dígí ni fóònù yìí. Ohun tó bá wà lọ́tùn-ún, dígí á gbé e sósì. Bí ìwọ fúnra rẹ bá kọ ọ́ sódì, dígí á dá a padà sí bó ṣe yẹ." Bí mo ṣe ń sọ ọ́ ni ara mi ń yá gágá. Ẹ̀kọ́ ìmọ́lẹ̀ àti dígí tí mo kọ́ ní yunifásítì, tí mo rò pé ó ti kú sí mi nínú, dìde dúró. Àfáà sì ń wo ẹnu mi, gẹ́gẹ́ bí àwọn onílẹ́tà ṣe máa ń wò ó.

"Létà nìkan o," ó ní. "N kò ní kọ ọ̀rọ̀ Ọlọ́run sódì, ìbáà ṣe nítorí ọba."

Láràárọ̀, lẹ́yìn ìrun Àsúbà, ó ń kọ, mo ń gbé dígí lọ́wọ́. Ọwọ́ tó ti ń kọ kéú láti kékeré kọ̀ jálẹ̀. Ó fọ wàláà, ó tún kọ, ó tún fọ̀. Nígbà tó di Ọjọ́bọ̀, jíímù gbà fún un. Lọ́jọ́ Jímọ̀, dáálì àti ráà tẹ̀ lé e.

Sátidé kejì, ó gbé wàláà sókè. Nínú igun tiwa, ó rẹwà, ó tọ́ gbọnrangandan. Mo pàtẹ́wọ́. Ṣùgbọ́n lọ́hùn-ún, àwọn ọmọ ń wo ara wọn. Àkọ́bí wọn sọ nǹkan kan fún ìyá rẹ̀ ní gẹ̀ẹ́sì. Obìnrin náà gbé fóònù wọ yàrá mìíràn, ó rẹ ohùn sílẹ̀.

"Àfáà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Ṣé ara yín yá? Ṣé ẹ ń rí oorun sùn?"

"Ara mi yá, ọmọ mi."

"Jíímù yẹn, sà. Sódì lẹ kọ ọ́. Gbogbo wọn pátá. Ẹ lọ sinmi, àfáà mi. Ẹ ti ṣe é fún wa."

Kò pé wákàtí kan tí ọmọ àfáà fi pè láti Ìlọrin. Àánú ló mú kí obìnrin náà sọ fún un pé ọjọ́ orí ti ń bá bàbá jà. Ọmọ náà ní òun ń bọ̀ lọ́la, òun á wá gbé e. Àfáà ká ẹní, ó fi okùn dì í, ó gbé e ti ògiri. Mo jókòó, mo ń wo okùn yẹn. Èmi ni mo so ó, bí kò tiẹ̀ ṣe ọwọ́ mi.

Bí a ṣe wà nìyẹn títí di ìrọ̀lẹ́ tí Ìyá Aláṣọ fi wọlé. Àǹkárá ló ń tà lọ́jà, aládùúgbò wa ni, kò sì fi ẹsẹ̀ kan tẹ ilé ìwé rí. Ó kúnlẹ̀.

"Ẹ kúùrọ̀lẹ́, ẹ̀yin bàbá mi. Kí ni ẹní ṣe tí ẹ fi dè é bí olè?"

Mo ro ẹjọ́ fún un, láti orí dígí dé orí jíímù. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di òpó mú.

"Bàbá Tíṣà, gbogbo ìwé tí ẹ kà yẹn, wọn ò sọ fún yín?"

"Sọ kí ni?"

Ó fa aṣọ kan yọ nínú ẹrù rẹ̀. Ẹyẹ ló wà lára aṣọ náà, gbogbo wọn ń fò lọ sí apá ọ̀tún. Ó tan kámẹ́rà fóònù mi, ó gbé aṣọ náà síwájú rẹ̀. Nínú fóònù, wọ́n ń fò lọ sósì.

"Ẹ̀yin lẹ rí i bẹ́ẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀, mo sọ fún oníbàárà mi kan ní Kánádà pé kó wo èyí tí ẹyẹ ẹ̀ ń lọ sósì. Ó ní ẹyẹ kankan ò lọ sósì níbí, àfi bí mo bá ti ń mutí. A fẹ́rẹ̀ẹ́ jà! Ẹni tó bá di fóònù mú nìkan ló ń rí ara ẹ̀ bíi ti dígí. Ẹni tó wà lọ́hùn-ún ń rí yín bí èmi ṣe ń rí yín yìí."

N kò gbà. Ó ní kí n jókòó síbẹ̀. Ó bọ́ sí ẹ̀yìnkùlé, ó fi fóònù tirẹ̀ pe tèmi, ó na aṣọ. Ẹyẹ ń fò lọ sí apá ọ̀tún! Mo fò dìde, èmi arúgbó, mo ń pariwo, "Ó tọ́! Ó tọ́!" Kò sí ẹ̀kọ́ kan tí mo kọ́ lẹ́nu ọdún wọ̀nyí tó dùn mọ́ mi tó bẹ́ẹ̀.

Àfáà ń rò ó díẹ̀díẹ̀. "Èyí ni pé ohun tí mo kọ ní Sátidé àkọ́kọ́ dára?"

"Ó dára."

"Tíṣà!"

"Àfáà."

"O ti fi físíìsì rẹ ba ọwọ́ mi jẹ́!" Ó ju fìlà rẹ̀ lù mí.

Ìyá Aláṣọ ló pe òkè òkun. Ó fi ẹyẹ han obìnrin náà, ó sì ro ẹjọ́ wa láìbo àṣírí kan. À ń gbọ́ ẹ̀rín lọ́hùn-ún. Wọ́n fi ẹ̀kọ́ náà sí òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, kí àwọn ìdílé méjì yòókù náà lè wá wò ó.

Lọ́jọ́ Àìkú, àfáà tú okùn, ó tẹ́ ẹní, nítorí kò lè kọ́ni lórí àga. Ó kọ Bísímílláhì gbòòrò sórí wàláà, láti ọ̀tún lọ sósì. Ọmọ mẹ́jọ kà á tẹ̀ lé e, ohùn wọn kún ọ̀dẹ̀dẹ̀ bí ti àtijọ́. Àárín ẹ̀kọ́ náà ni mọ́tò dúró níta. Ọmọ àfáà wọlé, kọ́kọ́rọ́ mọ́tò lọ́wọ́.

"Bàbá, ṣé ẹ ti di ẹrù?"

Àfáà kò gbójú sókè. Ó na ìka kan sókè. Ọmọ náà dúró, ó gbọ́ àwọn ohùn yẹn, ó wo wàláà, ó wo fóònù. Ó bọ́ bàtà, ó sì rọra jókòó sí igun ẹní, igun kan náà tó máa ń jókòó sí nígbà tó wà ní kékeré.

Èyí tó kéré jù nínú àwọn ọmọ inú fóònù rí i. "Àfáà, ta nìyẹn?"

"Ọmọ kéú ni," àfáà dáhùn. "Ó pẹ́ dé."